Pápá Ìṣeré: Bí A Ti Ń Kọ́ Ọ, Bí A Ti Ń Lò Ó, àti Bí A Ó Ti Tọ́jú Tiwa

Ọ̀rọ̀ tí Ìgbìmọ̀ Pápá Ìṣeré sọ níbi ìpàdé ọdọọdún Ẹgbẹ́ Ìtẹ̀síwájú Ìlú wa



Ní ìpàdé tí ó kọjá ni ẹ yàn wá pé kí a lọ wo ilẹ̀ tí àwọn ẹbí mẹ́ta fi ta ìlú lọ́rẹ, kí a sì mú ìmọ̀ràn wá lórí bí a ó ti sọ ọ́ di pápá ìṣeré. Láti ìgbà náà ni ọ̀rọ̀ ti ń wá sí etí wa láti ọ̀nà púpọ̀. Àwọn kan fẹ́ kí á kọ́ ibi ìjókòó onípele bíi ti àwọn ìlú ńlá, kí orúkọ wa lè jáde. Àwọn kan fẹ́ kí á fi ṣọ́ọ̀bù yí ilẹ̀ náà ká, kí owó lè máa wọlé. Àwọn kan sì bi wá pé kí ni a fẹ́ fi pápá ṣe, nígbà tí ọ̀nà ọjà wa kò tíì dára. Kò sí èyí tí kì í ṣe ìbéèrè ọlọ́gbọ́n nínú wọn. Ṣùgbọ́n kí a tó dáhùn, a rò pé ó yẹ kí á kọ́kọ́ wo ohun tí ojú àwọn pápá tí ó ti wà ṣáájú tiwa ti rí, nítorí ọgbọ́n ọlọ́gbọ́n ni kì í jẹ́ kí á pe àgbà ní wèrè.

PÁPÁ KÌ Í ṢE OHUN ÀJÈJÌ SÍ WA

Àwọn tí ó mọ̀ nípa èdè sọ fún wa pé láti ọ̀dọ̀ àwọn ará Gíríìsì àtijọ́ ni orúkọ tí àwọn Òyìnbó ń pe pápá ìṣeré ńlá ti wá. Orúkọ ìwọ̀n ilẹ̀ ni ní ìbẹ̀rẹ̀. Ní Olympia, níbi tí wọ́n ti ń sá eré ìje, ìwọ̀n náà fẹ́rẹ̀ẹ́ tó mítà 192, láti ibi tí a ti ń gbéra títí dé òpin. Láti orúkọ ìwọ̀n ni ó ti di orúkọ eré ìje náà, tí ó sì wá di orúkọ ibi tí àwọn òǹwòran ń jókòó sí.

Ṣùgbọ́n àwọn baba wa kò dúró de ará Gíríìsì kí wọ́n tó ní ibi ìṣeré. Ojúde ọba ni pápá ìṣeré wọn. Níbẹ̀ ni àwọn ọ̀dọ́ ti ń ja ìjàkadì, tí onílù ń fi ìlù ki akọni, tí àwọn àgbà sì jókòó lábẹ́ igi láti dájọ́ pé ta ni ẹ̀yìn rẹ̀ kan ilẹ̀. Ojúde kan náà ni egúngún ti ń jó, níbẹ̀ ni a ti ń ná ọjà, níbẹ̀ sì ni ìlú ń pé jọ sí nígbà tí ọ̀rọ̀ bá délẹ̀. Ẹ ṣàkíyèsí pé kò sí ẹni tí ó ń sọ pé ojúde náà jẹ́ ti oníjàkadì nìkan tàbí ti ọlọ́jà nìkan. Ohun púpọ̀ ni a ń fi í ṣe, nítorí náà ni gbogbo ènìyàn ṣe ń gbá a. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi èyí sí ọkàn. A ó padà wá bá a.

PÁPÁ LÍBÁTÌ NÍ ÌBÀDÀN

Ní nǹkan bí ọdún 1950 sí 1960, owó kòkó ni ó ń ṣiṣẹ́ ńlá ní Ìpínlẹ̀ Ìwọ̀-Oòrùn. Láti ọwọ́ àgbẹ̀ tí ó ń la kòkó lóko, tí ó ń sá a sí oòrùn, ni owó náà ti wá. Ní 1955, ìjọba tí Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ jẹ́ olórí rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ètò ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ fún àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Ní 1959, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ìbàdàn. Nígbà tí ó di 1960, ọdún tí a gba òmìnira, ni a ṣí pápá ìṣeré ńlá sí ìlú náà, òmìnira náà gan-an ni a sì fi sọ ọ́ lórúkọ: Liberty. Ní ẹnu tiwa, Líbátì ni.

Àwọn tí ó kọ́ ọ kò rò ó fún bọ́ọ̀lù nìkan. Ibẹ̀ ni a ti ń sá eré ìje, ibẹ̀ ni àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ ti ń yan bí ológun ní ọjọ́ àyájọ́, ibẹ̀ ni a ti ń ṣe àpéjọ òṣèlú àti ti ẹ̀sìn. Ṣùgbọ́n ohun tí ó mú orúkọ Líbátì dé gbogbo ayé kì í ṣe bọ́ọ̀lù, kì í sì í ṣe eré ìje. Ẹ̀ṣẹ́ ni.

Ọmọ Amaigbo ní ilẹ̀ Ìgbò ni Richard Ihetu, ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ sí Dick Tiger. Ní oṣù kẹwàá 1962, ní ìlú San Francisco ní Amẹ́ríkà, ó na Gene Fullmer, ó sì gba ipò akọni àgbáyé nínú ìsọ̀rí àwọn oníwọ̀n àárín. Wọ́n tún pàdé ní Las Vegas ní oṣù kejì 1963, wọ́n sì ta ọ̀mì. Ìpàdé kẹta ni a gbé wá sí Ìbàdàn. Ní ọjọ́ 10 oṣù kẹjọ 1963, a gbé òpó àti okùn sí àárín pápá Líbátì, àwọn ènìyàn sì tú jáde láti ìlú dé ìlú. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyí tí a ó du ipò akọni àgbáyé nínú ẹ̀ṣẹ́ kíkàn ní ilẹ̀ Nàìjíríà. Abẹ̀ṣẹ́-kù-bí-òjò ni Tiger ní ọjọ́ náà. Nígbà tí abala keje parí, àwọn tí ń tọ́jú Fullmer sọ pé ó tó gẹ́ẹ́. Kò jáde fún abala kẹjọ, kò sì tún kan ẹ̀ṣẹ́ mọ́ láyé rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí á ro ohun tí ó ṣẹlẹ̀ yìí wò. Ọmọ Ìgbò ni ó jà, ìlú Yorùbá ni a ti jà á, owó àgbẹ̀ oníkòkó ni a fi kọ́ ibi tí a ti jà á, àwọn òǹwòran tí ó hó yèè sì jẹ́ ti oríṣiríṣi ẹ̀yà. Ìlú tí ó bá ní ibi tí irú èyí ti lè ṣẹlẹ̀ ti ní ohun tí owó nìkan kò lè rà.

Nígbà tí ó ṣe, bọ́ọ̀lù náà gba ipò tirẹ̀. Ní 1976, ẹgbẹ́ IICC Shooting Stars ti Ìbàdàn gba ife ẹ̀yẹ àwọn agbafe ilẹ̀ Áfíríkà. Wọ́n fi ayò mẹ́rin sí méjì borí Tonnerre ti Kamẹrúùnù nígbà tí a pa ìdíje ilé àti ti oko pọ̀. Wọ́n ni ẹgbẹ́ àkọ́kọ́ láti Nàìjíríà tí yóò gba ife ẹ̀yẹ gbogbo ilẹ̀ Áfíríkà. Ní 1980, tí a gbàlejò Ife Ẹ̀yẹ àwọn Orílẹ̀-Èdè Áfíríkà, Ìbàdàn ni Àlùjéríà, Gánà, Gínì àti Mòrókò ti gbá ìdíje ìsọ̀rí tiwọn. Láti Ìbàdàn ni Àlùjéríà ti gbéra tí ó fi dé àṣekágbá ní Èkó ní ọjọ́ 22 oṣù kẹta. Ta ni ó sì dá wọn dúró níbẹ̀? Ṣẹ́gun Ọdẹ́gbàmí gba ayò méjì wọlé, Múdà Lawal gba ẹyọ kan, a sì na wọ́n ní 3 sí 0. Àwọn méjèèjì, agbábọ́ọ̀lù Shooting Stars ni wọ́n.

Nísinsìnyí, ẹ jẹ́ kí á sọ apá kejì ìtàn náà. Ọwọ́ ìjọba àpapọ̀ ni Líbátì wà. Ní 2010, Ààrẹ Goodluck Jonathan fi orúkọ Olóyè Awólọ́wọ̀ sọ ọ́, oyè tí ó yẹ ẹni náà sì ni. Ṣùgbọ́n orúkọ kì í gé koríko. Ẹgbẹ́ Shooting Stars ti kó lọ sí pápá Adámásìngbà, tí a fi orúkọ Olóyè Lékan Sàlámì sọ, ọ̀gá nínú àwọn tí ó fẹ́ràn ẹgbẹ́ náà. Níbẹ̀ ni wọ́n ti gba ife tí Olóyè Moshood Abíọ́lá fi ta Áfíríkà lọ́rẹ ní 1992, nígbà tí wọ́n na Villa ti Ùgáńdà ní 3 sí 0. Pápá Adámásìngbà kéré sí Líbátì, ṣùgbọ́n ìjọba ìpínlẹ̀ tí ó wà nítòsí ni ó ni ín. Ìjọba náà sì ti tún un ṣe ní àwọn ọdún àìpẹ́ yìí. Ariwo ńlá ti dínkù ní Líbátì. Ní Adámásìngbà, a ṣì ń gbọ́ ọ.

ÈKÓ: ÒGO ÀTI ÌKÌLỌ̀

Ní Súrùlérè ní Èkó, a ṣí pápá ìṣeré orílẹ̀-èdè ní 1972. Ní oṣù kìíní 1973, ibẹ̀ ni a ti ṣe ìdíje eré gbogbo ilẹ̀ Áfíríkà, ẹlẹ́ẹ̀kejì irú rẹ̀. Ní oṣù kìíní 1977, ibẹ̀ ni a ti ṣí FESTAC, àjọ̀dún àṣà àwọn ènìyàn dúdú gbogbo ayé, tí àwọn àlejò láti orílẹ̀-èdè púpọ̀ sì yan kọjá níwájú àwọn òǹwòran. Ní 1980 ni a gba ife tí a sọ lẹ́ẹ̀kan. Ní oṣù kejì 2000, ibẹ̀ ni Kamẹrúùnù ti fi bọ́ọ̀lù wòmí-n-gbá-sí-ọ gba ife mọ́ wa lọ́wọ́ lẹ́yìn tí a ta ọ̀mì 2 sí 2. Eré, ijó, ayọ̀ àti ẹkún, gbogbo rẹ̀ ni pápá kan náà gbà.

Ṣùgbọ́n ọjọ́ kan wà tí a kò gbọdọ̀ gbàgbé. Ní ọjọ́ 12 oṣù kẹjọ 1989, a ń bá Àngólà gbá bọ́ọ̀lù láti wá ọ̀nà sí Ife Àgbáyé. Pápá kún ju bí ó ti yẹ lọ. Samuel Okwaraji, ọ̀dọ́mọkùnrin tí ó kàwé òfin tí ó sì fẹ́ràn orílẹ̀-èdè rẹ̀, ṣubú lulẹ̀ nígbà tí eré kò tíì parí, kò sì dìde mọ́. Ọkàn rẹ̀ ni ó dá iṣẹ́ sílẹ̀. Ní ọjọ́ kan náà, àwọn òǹwòran kan pẹ̀lú kú nínú ìhámọ́ èrò. Pápá tí ó bá lè gba ènìyàn wọlé gbọ́dọ̀ lè tú wọn jáde pẹ̀lú, kí onímọ̀ ìṣègùn sì wà nítòsí.

ÀWỌN ARÁ WA NÍ LỌ́ŃDỌ̀NÙ

Ẹ̀yin tí ẹ wà ní Lọ́ńdọ̀nù mọ Wembley dáadáa. A ṣí ti àkọ́kọ́ ní 1923. A wó o ní 2003, a sì ṣí tuntun sí ojú ibẹ̀ ní 2007. Àwọn ọmọ Nàìjíríà ti bá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì gbá bọ́ọ̀lù níbẹ̀ ní 1994 àti 2018. Ní oṣù kẹrin 2017, Anthony Joshua, ọmọ tí ìdílé baba rẹ̀ ti Ṣágámù wá, borí Wladimir Klitschko ní àárín pápá náà níwájú nǹkan bí 90,000 ènìyàn. Bí a ti gbé òpó àti okùn sí àárín pápá Líbátì ní 1963 ni a gbé e sí àárín Wembley lọ́jọ́ náà.

Ìtàn kan wà nípa Wembley àtijọ́ tí ó pani lẹ́rìn-ín, tí ó sì kọ́ni lọ́gbọ́n. Eré ìje ajá wà lára ohun tí ń mú owó wọlé fún un. Nígbà Ife Àgbáyé 1966, ó yẹ kí Ùrúgúwè àti Faransé gbá bọ́ọ̀lù níbẹ̀ ní ọjọ́ kan tí ajá ń sá eré. Àwọn tí ó ni pápá kọ̀ láti yẹ eré ajá. Ńṣe ni a gbé bọ́ọ̀lù Ife Àgbáyé lọ sí pápá mìíràn! Ẹ má kàn rẹ́rìn-ín. Àwọn ènìyàn náà mọ̀ pé ìdíje ńlá a máa wá, a sì máa lọ, ṣùgbọ́n owó ọ̀sẹ̀ dé ọ̀sẹ̀ ni ń tún òrùlé ṣe. Síbẹ̀, ibi tí owó bá ti di ọ̀gá, eré á di àlejò nínú ilé ara rẹ̀. Ọ̀nà tí ó wà láàárín méjèèjì ni a ń wá.

OHUN TÍ A TI ṢE NÍBÍ TÍ KÒ DÁRA

A kò ní fi ọ̀rọ̀ àwọn ẹlòmíràn bo tiwa. Ẹ rántí pápá ilé ẹ̀kọ́ tí a ń lò títí di ìsinsìnyí. Àwa tí a ń bá yín sọ̀rọ̀ yìí wà lára àwọn tí ó ń ṣètò rẹ̀. Ní ọdún kan, a fi í yá àwọn tí ó fẹ́ ṣe ìnáwó. Òjò ti rọ̀ ní alẹ́ ọjọ́ kejì ìnáwó náà, a sì gbà kí ọkọ̀ akẹ́rù tí ó kó àga wọ inú koríko. Táyà gé ilẹ̀ sí kòtò gbọọrọ. A ní a ó dí i. A kò dí i. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ díẹ̀, ọmọ kan tí ó ń sáré tẹ̀lé bọ́ọ̀lù ki ẹsẹ̀ bọ kòtò náà, egungun ẹsẹ̀ rẹ̀ sì ṣẹ́. Ọmọ náà ti ń rìn báyìí, a dúpẹ́, ṣùgbọ́n kò sáré mọ́ bí ti àtijọ́. Owó ìyápápá náà wà nínú ìwé ìṣirò wa. Ẹsẹ̀ ọmọ náà kò sí níbẹ̀.

Nítorí náà, nígbà tí a bá ń sọ pé ìtọ́jú ṣe pàtàkì ju ìkọ́lé lọ, kì í ṣe ọ̀rọ̀ inú ìwé ni a ń sọ.

ÌMỌ̀RÀN WA

Èkíní: Kí á má bẹ̀rẹ̀ láti orí ibi ìjókòó. Ilẹ̀ ni kí á bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀. Pápá bọ́ọ̀lù pípé jẹ́ mítà 105 ní gígùn àti mítà 68 ní ìbú. Bí a bá fẹ́ kí ọ̀nà eré ìje mítà 400 onílà mẹ́jọ yí i ká, a ó nílò ilẹ̀ tí ó tó nǹkan bí mítà 177 ní gígùn àti mítà 93 ní ìbú. A ti wọ̀n ilẹ̀ wa. Ó gbà á, ṣùgbọ́n kò gbà á pẹ̀lú ṣọ́ọ̀bù ní gbogbo ẹ̀gbẹ́. Kí á tẹ́ ẹ láti àríwá sí gúúsù, kí oòrùn ìrọ̀lẹ́ má baà máa wọ ojú adélé kankan. Kí àárín rẹ̀ ga díẹ̀ ju ẹ̀gbẹ́ lọ, kí a sì la ojú àgbàrá yí i ká, nítorí omi tí kò bá rí ọ̀nà lọ yóò fi orí pápá ṣe ilé.

Èkejì: Kí á kọ ẹ̀bùn àwọn ẹbí mẹ́ta náà sílẹ̀ nínú ìwé òfin, kí ó hàn gbangba pé ìlú ni ó ni ilẹ̀, àti pé kò sí ẹgbẹ́, olóyè tàbí ìgbìmọ̀, títí kan tiwa yìí, tí ó lè gé e tà. Ọmọ tí a kò tíì bí wà lára àwọn tí a fi ilẹ̀ náà ta lọ́rẹ.

Ẹ̀kẹta: Bí ọgbà bá yí i ká, kí ẹnu ọ̀nà rẹ̀ má dín ní mẹ́rin, kí wọ́n fẹ̀, kí ilẹ̀kùn wọn sì máa ṣí sí òde. Ẹ rántí 1989.

Ẹ̀kẹrin: Ṣọ́ọ̀bù lè wà, ṣùgbọ́n ní ẹ̀gbẹ́ títì nìkan. Kí owó ilé wọn má wọ àpò ẹgbẹ́ lápapọ̀. Kí ó lọ sí àpò ìtọ́jú pápá, níbi tí a ó ti máa san owó oṣù olùtọ́jú kan tí ó mọ iṣẹ́ koríko, tí ó ń gbé ní ìlú yìí, tí a lè kan ilẹ̀kùn rẹ̀ nígbà tí nǹkan bá bàjẹ́. Kí àpò náà sì ti ní owó ọdún kan nínú kí á tó fi búlọ́ọ̀kù àkọ́kọ́ lé ilẹ̀. A kò fẹ́ pápá tí yóò dà bí màlúù tí kò ní ìrù, tí ó jẹ́ pé Ọlọ́run nìkan ni yóò máa bá a lé eṣinṣin.

Ẹ̀karùn-ún: Kí gbogbo ìlú máa lò ó. Òwúrọ̀ fún àwọn ilé ẹ̀kọ́. Ìrọ̀lẹ́ fún àwọn ẹgbẹ́ eré, ti ọkùnrin àti ti obìnrin ní ọ̀kan-ò-jọ̀kan, kì í ṣe kí àwọn ọmọbìnrin máa dúró títí àwọn ọmọkùnrin yóò fi ṣe tán. Kí igun kan wà fún ìjàkadì àti ẹ̀ṣẹ́, kí òmíràn wà fún ayò ọlọ́pọ́n lábẹ́ igi fún àwọn àgbà. Ìnáwó àti ìsìn lè wáyé níbẹ̀ fún owó tí ó tọ́, ṣùgbọ́n ọkọ̀ kò gbọdọ̀ wọ orí koríko, ìbáà jẹ́ ti ta ni.

Sí ẹni tí ó bi wá léèrè ọ̀nà ọjà, èsì wa nìyí: òótọ́ ni ọ̀rọ̀ rẹ, a kò sì fẹ́ kí á mú owó ọ̀nà ṣe pápá. Ìdí nìyẹn tí a kò fi béèrè ibi ìjókòó onípele lọ́wọ́ yín lónìí. Ilẹ̀ títẹ́, ojú àgbàrá, ọgbà, omi àti olùtọ́jú kan ni a béèrè. Bí àwọn ọmọ bá ti ń lò ó fún ọdún mẹ́ta, tí koríko sì ṣì wà, nígbà náà ni kí ẹ pè wá láti wá sọ̀rọ̀ nípa ibi ìjókòó.

ÌPARÍ

Ẹ̀yin ará, àwọn tí ó kọ́ Líbátì kò ṣe àṣìṣe. Iṣẹ́ ńlá ni wọ́n ṣe, a sì ń fi í yangàn títí di òní. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bí ọmọ kọ́ ni iṣẹ́ parí sí lọ́wọ́. Ẹni tí ó tọ́ ọ ńkọ́? Ojúde ọba kò ní ibi ìjókòó, síbẹ̀ ó pẹ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún, nítorí pé lójoojúmọ́ ni ẹnì kan ń fi ìgbálẹ̀ kàn án, tí gbogbo ìlú sì mọ̀ pé tiwọn ni. Bí a bá lè ṣe èyí sí pápá wa, bó pẹ́ bó yá, ọmọ kan yóò ti orí rẹ̀ gbéra tí orúkọ ìlú yìí yóò fi dé ibi tí a kò rò. Bí kò bá sì sí irú ọmọ bẹ́ẹ̀, àwọn ọmọ wa yóò ti sáré lórí ilẹ̀ tí kò ní kòtò. Ìyẹn náà tó.

Àgbájọ ọwọ́ ni a fi ń sọ àyà. A fi ìmọ̀ràn yìí sí iwájú yín kí ẹ jíròrò lé e lórí, kí ẹ sì dìbò. Kábíyèsí, kí adé pẹ́ lórí, kí bàtà pẹ́ lẹ́sẹ̀. Kí Ọlọ́run mú gbogbo ọmọ ìlú tí ó wà ní ìdálẹ̀ bọ̀ wálé láyọ̀.